Mod àti ojóóró nínú géèmù orí fóònù: ta ni à ń rẹ́ jẹ gan-an?

Ọmọ Ìdẹ̀nà (Kétu, ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀) ló dá ọ̀rọ̀ sílẹ̀:

Ẹ̀yin ará, mo kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Ọ̀rọ̀ kan ń dùn mí, n kò sì ní ìmọ̀ tí ó tó láti yanjú rẹ̀, ìdí nìyí tí mo fi gbé e wá síwájú yín. Àbúrò mi ọkùnrin, ọmọ ọdún 16, fẹ́ràn eré ìbọn kan tí àwọn ọ̀dọ́ máa ń gbá lórí fóònù, ó sì ti lo ọdún méjì lórí àkáǹtì kan ṣoṣo kí ó tó dé ipò tí ó wà. Nígbà ìsinmi tí ó kọjá, ẹnì kan tí wọ́n jọ ń gbá a fi èyí tí wọ́n ti tún inú rẹ̀ ṣe, tí wọ́n ń pè ní mod, ránṣẹ́ sí i lórí Telegram. Wọ́n ní yóò máa rí ọ̀tá gba inú ògiri, ọta ìbọn rẹ̀ kò ní tàsé mọ́, yóò sì gba dáyámọ́ǹdì (owó inú géèmù náà) 10000 lọ́fẹ̀ẹ́. Kò pé ọjọ́ mẹ́ta tí ilé-iṣẹ́ tí ó ni géèmù náà fi ti àkáǹtì ọlọ́dún méjì náà pa. Dáyámọ́ǹdì kan kò sì wọlé.

Fóònù tí ó lò kì í ṣe tirẹ̀, ti ìyá wa ni. Gàrí ni ìyá wa ń tà ní ọjà Kétu, orí fóònù yẹn sì ni àwọn oníbàárà wọn máa ń fi owó ránṣẹ́ sí. Ní ọ̀sẹ̀ yẹn kan náà, 14500 fàránkì kúrò nínú owó orí fóònù wọn, bẹ́ẹ̀ wọn kò fi owó ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni. N kò lè fi gbogbo ẹnu sọ pé mod náà ló fà á.

Nígbà tí mo bá àbúrò mi wí, ohun tí ó sọ ni pé òun kò jí nǹkan ẹnikẹ́ni, pé olówó ni àwọn tí ó ṣe géèmù náà, àti pé gbogbo ẹgbẹ́ òun ló ń ṣe bẹ́ẹ̀. Mi ò rí èsì fún un, torí èmi fúnra mi kì í gbá géèmù. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ là mí lọ́yẹ̀: báwo ni nǹkan wọ̀nyí ṣe ń ṣiṣẹ́, kí ni kí n ṣe sí fóònù ìyá wa, kí sì ni mo lè bá ọmọ yìí sọ tí kò ní jẹ́ ìbínú lásán?

Atúnfóònùṣe (Àjàṣẹ́):

Ẹ pẹ̀lẹ́ o, ẹ̀gbọ́n, ẹ sì bá wa kí ìyá. Ọ̀rọ̀ fóònù ni kí a kọ́kọ́ mójú tó. Ẹ pa dátà rẹ̀ kí ẹ tó ka ìyókù ohun tí mo kọ. Ẹ mú ìyá lọ sí ọ̀dọ̀ aṣojú ilé-iṣẹ́ owó orí fóònù wọn pẹ̀lú ìwé ìdánimọ̀, kí wọ́n yí nọ́ńbà àṣírí wọn padà. Ẹ fi fóònù mìíràn yí ọ̀rọ̀ ìwọlé gbogbo àkáǹtì tí ó wà lórí rẹ̀ padà. Lẹ́yìn náà, ẹ kó àwòrán àti nọ́ńbà àwọn ènìyàn pamọ́ síbòmíràn, kí ẹ wá pa gbogbo inú fóònù náà rẹ́ kí ó dà bí ìgbà tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ rà á. Yíyọ mod náà nìkan kò tó, nítorí ohun tí ó bá a wọlé lè ti jókòó síbòmíràn nínú fóònù.

Ní ti bí ó ṣe ń ṣiṣẹ́, ẹ jẹ́ kí n fi olóúnjẹ tí ń tà láwìn ṣe àpẹẹrẹ. Bí ìwé gbèsè bá wà lọ́wọ́ oníbàárà, oníbàárà lè pa 500 rẹ́ kí ó kọ 50 síbẹ̀. Bí ìwé bá wà lọ́wọ́ olóúnjẹ fúnra rẹ̀, ohun yòówù kí oníbàárà kọ sínú ìwé tirẹ̀ nílé, gbèsè kò yí padà. Géèmù tí a lè gbá láìsí íntánẹ́ẹ̀tì, ọwọ́ oníbàárà ni ìwé rẹ̀ wà: iye owó wúrà tí o ní, iye ẹ̀mí tí ó kù fún ọ, inú fóònù rẹ ni wọ́n kọ gbogbo rẹ̀ sí, irinṣẹ́ bíi GameGuardian sì lè wá iye náà rí kí ó yí i padà. Ṣùgbọ́n géèmù tí a ń bá ẹlòmíràn gbá lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹ̀rọ ńlá ilé-iṣẹ́ náà, tí wọ́n ń pè ní server, ló ń tọ́jú ìwé. Bí mod bá kọ 10000 sójú fóònù àbúrò yín, ojú fóònù nìkan ló kọ ọ́ sí. Nígbà tí fóònù bá tún bá server sọ̀rọ̀, iye àtijọ́ ni yóò padà wá. Nítorí náà, kò sí mod kankan tí ó lè fún ènìyàn ní dáyámọ́ǹdì nínú irú géèmù bẹ́ẹ̀, ẹni tí ó bá sì ṣe ìlérí rẹ̀ ti purọ́.

Ẹnì kan lè wá béèrè pé, bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ló dé tí rírí ọ̀tá gba inú ògiri fi máa ń ṣiṣẹ́ ní tòótọ́? Ìdí ni pé kí fóònù tó lè ya àwòrán ọ̀tá tí ó yọ lẹ́yìn ògiri lójijì, server gbọ́dọ̀ ti sọ ibi tí ọ̀tá náà wà fún un ṣáájú. Ìròyìn náà ti wà nínú fóònù, géèmù ló ń fi ògiri bò ó lójú wa. Ohun tí mod ń ṣe ni pé ó ká ìbòjú náà kúrò. Bákan náà ni ti ìbọn tí kì í tàsé: fóònù rẹ ló ń sọ fún server ibi tí o kọ ojú ìbọn sí, mod sì ń bá ọ sọ ọ́. Èyí ló fà á tí àwọn ilé-iṣẹ́ fi ń ṣọ́ ìwà ènìyàn nínú géèmù, tí wọ́n sì ń yẹ áàpù náà fúnra rẹ̀ wò bóyá wọ́n ti tú u. Lórí géèmù ìbọn tí ń jẹ́ PUBG Mobile, ọdún 10 ni wọ́n sábà máa ń fi ti àkáǹtì aṣojóóró pa. Garena, tí ó ni géèmù ìbọn Free Fire, máa ń ti àkáǹtì pa títí láé, wọ́n sì lè dí fóònù náà fúnra rẹ̀ pẹ̀lú.

Ohun kan tún wà tí mo máa ń fẹ́ kí gbogbo ènìyàn mọ̀. Gbogbo áàpù Android ló ní ìbuwọ́lù ẹni tí ó ṣe é. Ẹni tí ó bá tú áàpù náà láti tún un ṣe kò ní kọ́kọ́rọ́ ìbuwọ́lù yẹn lọ́wọ́, tirẹ̀ ni yóò fi bu ọwọ́ lù ú. Ìdí nìyẹn tí fóònù kì í fi í gbà kí a gbé mod lé orí géèmù gidi, tí wọ́n á sì ní kí o kọ́kọ́ yọ ojúlówó kúrò. Ní ìṣẹ́jú yẹn gan-an ni fóònù ń sọ fún ọ pé ẹlòmíràn tí o kò mọ̀ rí ló ń wọlé. Bí ó bá wá béèrè ìyọ̀ǹda láti ka àtẹ̀jíṣẹ́ rẹ, tàbí láti máa wo ojú fóònù kí ó sì máa bá ọ tẹ̀ ẹ́, kí ni géèmù ìbọn fẹ́ fi ìyẹn ṣe?

Alùpùpù Àjàṣẹ́:

Ẹ kú àlàyé, ọ̀gá. Ìbéèrè kan ṣoṣo ni mo ní: ṣé Play Protect, ẹ̀ṣọ́ Google tí ń yẹ áàpù wò lórí fóònù, kò lè rí irú nǹkan bẹ́ẹ̀ kí ó dá a dúró ni?

Atúnfóònùṣe (Àjàṣẹ́):

Ó lè kìlọ̀, ó sì máa ń kìlọ̀. Ṣùgbọ́n àwọn tí ń pín mod máa ń kọ ọ́ sínú ìlànà wọn pé kí a kọ́kọ́ pa á, wọ́n á ní torí pé Google kò fẹ́ kí a gbádùn ni ó fi ń pariwo. Ọmọdé tí ó ti ń retí dáyámọ́ǹdì kò ní rò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Ọmọ Orí Òkè (Ṣábẹ̀):

Ẹ̀gbọ́n Ọmọ Ìdẹ̀nà, ó dùn mí púpọ̀ nítorí owó ìyá. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ tinú mi, nítorí mo ń lo mod, n kò sì gbà pé orúkọ kan náà ló yẹ kí a pe gbogbo rẹ̀.

Ọ̀dọ̀ wa ní Ṣábẹ̀, àdúgbò wà tí o gbọ́dọ̀ jáde síta kí íntánẹ́ẹ̀tì tó dúró. Géèmù tí mo ń gbá lálẹ́, èmi nìkan ni mò ń gbá a, kò sí ẹnikẹ́ni ní òdìkejì. Nínú Candy Crush, ẹ̀mí márùn-ún ni wọ́n máa ń fúnni, ọgbọ̀n ìṣẹ́jú ni ẹ̀mí kan sì fi ń padà wá, àìmọye ènìyàn ló sì ti gbé aago fóònù wọn síwájú kí wọ́n má bàa dúró. Ta ni wọ́n rẹ́ jẹ? Àní àwọn tí ń ṣe géèmù gan-an ló kọ́kọ́ kọ́ ayé ní èyí. Ọ̀gbẹ́ni Kazuhisa Hashimoto, ará Jàpáànì tí ó kú ní ọdún 2020, ló ń ṣiṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ Konami lórí ẹ̀dà géèmù Gradius fún ẹ̀rọ géèmù inú ilé, èyí tí ó jáde ní 1986. Ó le fún òun fúnra rẹ̀ láti gbá a dé òpin nígbà tí ó ń dán an wò, ni ó bá fi àmì ìkọ̀kọ̀ kan sínú rẹ̀, bọ́tìnnì tí a ó tẹ̀ léra-léra, tí yóò fún ènìyàn ní gbogbo agbára lẹ́ẹ̀kan náà. Gbogbo àgbáyé ló mọ àmì náà títí di òní, kò sì sí ẹni tí ó pe ọkùnrin yẹn ní ọ̀daràn.

Géèmù Minecraft náà ńkọ́? Ohun tí àwọn ènìyàn ń ṣe fún un fúnra wọn, tí ń yí ẹranko rẹ̀ àti ilẹ̀ rẹ̀ padà, wà lára ohun tí ó mú un gbajúmọ̀, àwọn tí ó ni ín sì fàyè gbà á lórí fóònù. Mod ni ìyẹn pẹ̀lú. Bí a bá sọ pé mod jẹ́ olè jíjà, a ó pa iṣẹ́ ọwọ́ àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n ti ibẹ̀ kọ́ kóòdù mọ́ ojóóró.

Èmi kò lò ó rí níbi tí mo ti ń bá ènìyàn díje.

Ìyá Oníkíósì (Àjàṣẹ́):

Ẹ kú ọ̀rọ̀ o, ẹ̀yin ọmọ. Owó orí fóònù ni mò ń gbà tí mo sì ń san lẹ́bàá ọjà Ouando, ohun tí ojú mi ń rí ni mo fẹ́ sọ.

Àwọn ọmọkùnrin máa ń wá bá mi, wọ́n á ní kí n fi 2000 tàbí 3000 fàránkì ránṣẹ́ sí nọ́ńbà kan, pé ẹni náà yóò fún wọn ní kọ́kọ́rọ́, ìyẹn ọ̀rọ̀ àṣírí tí ń ṣí mod, fún oṣù kan. Mo ti kọ́ láti béèrè pé, “Ṣé o mọ ẹni náà?” Wọ́n á ní àwọn mọ̀ ọ́n. Bí mo bá tẹ̀ síwájú pé níbo ni ó ń gbé, wọ́n á dákẹ́. Lọ́jọ́ kejì, ọ̀pọ̀ nínú wọn á tún padà wá pé ẹni náà ti dí nọ́ńbà àwọn, pé ṣé mo lè bá àwọn gba owó náà padà. Owó tí a ti fi ránṣẹ́, tí ẹni tí ó gbà á sì ti yọ ọ́ jáde, kò sí ohun tí èmi oníkíósì lè ṣe sí i.

Èyí tí kò gba owó ni mo sì bẹ̀rù jù. Ọmọ mi obìnrin fi ọ̀kan hàn mí. Ojú-ìwé kan ní kí ó kọ orúkọ rẹ̀ nínú géèmù, ó ṣe bí ẹni ń ka dáyámọ́ǹdì, 1000, 5000, 10000, lẹ́yìn náà ó ní kí ó fi hàn pé ènìyàn gidi ni òun nípa gbígbé áàpù méjì sórí fóònù. Ó gbé méjì náà, wọ́n ní ó ku ẹyọ kan. Ó tó ìgbà kẹrin kí ó tó mọ̀ pé kò ní parí. Ẹni tí ó ṣe ojú-ìwé náà ń gba owó lórí áàpù kọ̀ọ̀kan tí àwọn ọmọ bá gbé, iṣẹ́ ọ̀fẹ́ ni wọ́n ń bá a ṣe.

Aṣètò Ìdíje (Àjàṣẹ́):

Mo ń ka ọ̀rọ̀ yìí láti àárọ̀, mo sì fẹ́ dáhùn ọ̀rọ̀ àbúrò Ọmọ Ìdẹ̀nà pé òun kò jí nǹkan ẹnikẹ́ni, nítorí ọ̀rọ̀ yẹn gan-an ni olúborí tiwa sọ fún wa.

A ṣe ìdíje kékeré kan fún àwọn ọ̀dọ́ níbí. Ènìyàn 16 ni, oníkálùkù san 1000 fàránkì, olúkúlùkù lo fóònù tirẹ̀. A ní kí gbogbo wọn ká ohun tí ń ṣẹlẹ̀ lójú fóònù wọn sílẹ̀, kí a lè fi apá tí ó dùn ṣe fídíò. Ẹni tí ó gba ipò kìíní dára débi pé ẹnu ya gbogbo wa. Lẹ́yìn ọjọ́ díẹ̀ ni mo jókòó láti gé fídíò náà, mo sì rí ohun tí n kò lè gbàgbé. Ojú ìbọn rẹ̀ ń tẹ̀lé ẹni tí ó wà lẹ́yìn ògiri. Bí ẹni náà bá lọ sọ́tùn-ún, ojú ìbọn a lọ sọ́tùn-ún. Bí ó bá bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ojú ìbọn a wálẹ̀. Ògiri ló wà láàárín àwọn méjèèjì, ènìyàn kò sì lè rí ohunkóhun níbẹ̀. Ó máa ń dúró kí ẹni náà yọ orí, á sì yìnbọn lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

A pè é, ó jẹ́wọ́, ó dá owó padà. Ó ní òun kò mọ̀ pé ó burú tó bẹ́ẹ̀, pé ilé-iṣẹ́ tí ó ni géèmù kò tilẹ̀ mọ̀ pé ìdíje wa wáyé. Ṣùgbọ́n ẹni tí mo ń rò kì í ṣe ilé-iṣẹ́ kankan. Ọmọkùnrin kan wà tí ó wá láti Adjarra, tí ó ń kọ́ṣẹ́ aránṣọ. Ó ti ń fi owó dátà pamọ́ díẹ̀díẹ̀ láti lè máa kọ́ra, ìpele kejì ni aṣojóóró náà sì ti lé e jáde. Nígbà tí mo pè é láti sọ òtítọ́ fún un kí n sì fún un ní owó rẹ̀, ó ní òun ti yọ géèmù náà kúrò lórí fóònù òun láti ọjọ́ náà, nítorí òun rò pé gbogbo ohun tí òun ti ń kọ́ fún oṣù mẹ́fà, asán ni, pé òun kò mọ̀ ọ́n gbá rárá.

Ẹ wo ohun tí wọ́n gbà lọ́wọ́ ọmọ yẹn. Ẹni tí o bá díje ní òtítọ́, bí ó tilẹ̀ borí rẹ, o mọ ibi tí agbára rẹ dé. Aṣojóóró gba ìmọ̀ yẹn lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì fi irọ́ rọ́pò rẹ̀. 1000 fàránkì ṣeé dá padà. Mo bẹ̀ ẹ́ títí kí ó padà wá gbá a, n kò mọ̀ bóyá ó ti padà.

Ẹ sọ èyí fún àbúrò yín, ẹ̀gbọ́n. Gbogbo ẹni tí ó yìnbọn fún láàárín ọjọ́ mẹ́ta yẹn, ènìyàn ni wọ́n, dátà tí wọ́n fi owó rà ni wọ́n fi wọlé.

Ọmọ Orí Òkè (Ṣábẹ̀):

Mo gbà, ẹ̀gbọ́n, kò sí àríyànjiyàn níbẹ̀. Ṣùgbọ́n nǹkan kan ṣì ń dí mi lọ́kàn. Nínú àwọn géèmù kan, ilé-iṣẹ́ fúnra rẹ̀ ló ń ta agbára. Ẹni tí ó bá ní owó yóò ra ohun ìjà tí ó le ju tìrẹ lọ, tàbí àpótí tí ẹnikẹ́ni kò mọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀ títí a ó fi sanwó. Ní 2018, ìgbìmọ̀ tí ń bójú tó tẹ́tẹ́ ní Bẹ́ljíọ̀m sọ pé irú àpótí bẹ́ẹ̀ nínú àwọn géèmù kan lòdì sí òfin tẹ́tẹ́ wọn. Bí ọmọ tálákà bá lo mod láti bá ọmọ olówó dọ́gba, ta ni nínú àwọn méjèèjì ni ó kọ́kọ́ ba eré jẹ́?

Aṣètò Ìdíje (Àjàṣẹ́):

Ìbéèrè tí ó tọ́ ni, n kò sì ní gbèjà àwọn tí ń ta irú àpótí tí a kò mọ inú rẹ̀ bẹ́ẹ̀ fún ọmọdé. Nítorí rẹ̀ ni a kì í fi irú géèmù yẹn ṣe ìdíje. Ṣùgbọ́n wo ẹni tí mod rẹ ń kọlù. Kò mọ ọmọ olówó yàtọ̀ sí ọmọ aránṣọ láti Adjarra, ẹni tí ó bá wà níwájú ìbọn ni.

Arábìnrin Oníkóòdù (Àjàṣẹ́):

Mo fẹ́ padà sí ọ̀rọ̀ àbúrò wa láti Ṣábẹ̀ pé géèmù tí a ń dá gbá kò rẹ́ ẹnikẹ́ni jẹ, nítorí èmi ni ẹni tí ó wà ní òdìkejì.

Nígbà tí mo wà ní ilé-ẹ̀kọ́, mo ṣe géèmù ayò kan. Mo lo òru púpọ̀ lórí rẹ̀, mo ya ọpọ́n rẹ̀ bí èyí tí ó wà nílé bàbá mi àgbà. Ọ̀fẹ́ ni, ìpolówó kékeré ló máa ń yọ bí ayò bá parí, ẹni tí kò bá sì fẹ́ rí ìpolówó lè san 500 fàránkì. Nínú ohun tí a bá tà bẹ́ẹ̀, Google ń mú ìdá 15 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́wọ́ àwọn oníṣẹ́ kékeré. Ohun tí ó kù fún mi lóṣù kò tó ohun tí mo ń fi ra dátà, ṣùgbọ́n inú mi dùn sí i.

Lẹ́yìn oṣù díẹ̀, mo rí géèmù mi lórí ojú-òpó kan tí wọ́n kọ sí i lára pé mod, pé gbogbo rẹ̀ ti di ọ̀fẹ́. Mo gbé e sórí fóònù àtijọ́ kan láti wò ó. Ìpolówó tèmi ni wọ́n yọ kúrò. Wọ́n fi tiwọn síbẹ̀, ó sì pọ̀ ju tèmi lọ, ó ń yọ kódà nígbà tí ènìyàn kò ṣí géèmù náà. Ohun tí ó wá dùn mí jùlọ ni pé àwọn tí ó gbé èyí sórí fóònù wọn, tí fóònù wọn bẹ̀rẹ̀ sí gbóná, orí ojú-ìwé tèmi lórí Play Store ni wọ́n wá kọ ẹ̀sùn sí, tí wọ́n ń fún mi ní ìràwọ̀ kan. Ọ̀kan nínú wọn pè mí ní olè. N kò ní server, n kò ní agbẹjọ́rò. Mo jáwọ́ nínú rẹ̀.

Àbúrò, n kò bínú sí ọ nítorí aago Candy Crush. Bí o bá fi ọwọ́ ara rẹ yí géèmù tí o ní padà láti kọ́ nǹkan, mo fẹ́ràn rẹ̀, ọ̀nà yẹn ni èmi náà gbà kọ́ kóòdù. Ṣùgbọ́n mod tí ẹlòmíràn ṣe, tí o gbà láti ojú-òpó, báwo lo ṣe mọ̀ pé o dá wà níbẹ̀?

Ọmọ Orí Òkè (Ṣábẹ̀):

Ẹ má bínú, ẹ̀gbọ́n mi obìnrin. N kò rò ó dé ibẹ̀ rí. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wo àwọn tí ó wà lórí fóònù mi, mẹ́rin ni, méjì nínú wọn ní ìyọ̀ǹda láti ka àtẹ̀jíṣẹ́ mi. Mo ti yọ wọ́n.

Akẹ́kọ̀ọ́ Òfin (Àjàṣẹ́):

Ẹ jẹ́ kí n fi díẹ̀ kún un ní ti òfin. Àwọn ilé-iṣẹ́ kì í sábà lé ọmọ tí ó gbá géèmù lọ sí ilé-ẹjọ́, títì pa ni wọ́n máa ń ti àkáǹtì rẹ̀. Ẹni tí ń ṣe mod tà ni wọ́n ń bá ṣẹjọ́. Niantic, tí ó ṣe Pokémon GO, géèmù tí a ń rìn kiri láti gbá, pe ẹgbẹ́ kan tí ń jẹ́ Global++ lẹ́jọ́ ní Amẹ́ríkà ní 2019 nítorí géèmù náà tí ẹgbẹ́ yìí tún inú rẹ̀ ṣe, èyí tí ń jẹ́ kí ènìyàn jókòó sílé kí fóònù máa sọ pé ó wà ní ìlú mìíràn. Ní 2021, ẹjọ́ náà parí sí mílíọ̀nù dọ́là márùn-ún. Ní ọdún náà gan-an, ọlọ́pàá Ṣáínà mú ènìyàn mẹ́wàá nínú ẹgbẹ́ kan tí ń ta ojóóró géèmù, wọ́n sì gba dúkìá olówó iyebíye lọ́wọ́ wọn. Ní ìbẹ̀rẹ̀ 2022, Krafton àti Tencent, àwọn ilé-iṣẹ́ tí ó wà lẹ́yìn PUBG Mobile, kéde pé ilé-ẹjọ́ ní Amẹ́ríkà àti Jámánì ti dá àwọn láre lórí àwọn tí ń ṣe ojóóró fún géèmù náà, mílíọ̀nù dọ́là mẹ́wàá ni owó gbà-má-bínú náà.

Ní ti owó ìyá, ẹ má ṣe jẹ́ kí ojú tì yín láti fi ẹjọ́ sùn nítorí pé ọmọ yín ló gbé mod wọlé. Òfin 2017-20 ti ọjọ́ 20 oṣù kẹrin ọdún 2018, tí a mọ̀ sí Code du numérique, ní apá tí ó dá lórí ìwà ọ̀daràn orí ẹ̀rọ ayélujára ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀, wíwọ inú ẹ̀rọ oníẹ̀rọ láìgbàyè sì wà lára ohun tí ó kà sí ẹ̀ṣẹ̀. Ẹ gba àkọsílẹ̀ bí owó ṣe jáde lọ́dọ̀ ilé-iṣẹ́ owó orí fóònù, ẹ sì pa ìfiránṣẹ́ Telegram náà mọ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ ya àwòrán rẹ̀ kí ẹ tó pa inú fóònù rẹ́.

Bàbá Ọlọ́pọ́n (Kétu):

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú àpérò. Ọmọ-ọmọ mi ló ń bá mi tẹ ọ̀rọ̀ yìí. N kò mọ géèmù, ṣùgbọ́n mo ti ta ayò fún ohun tí ó lé ní 50 ọdún, ọ̀rọ̀ ojóóró kò sì ṣàjèjì sí mi.

Ọmọ ayò 48 ló wà lórí ọpọ́n, mẹ́rin mẹ́rin nínú ihò 12. Ẹni tí yóò ṣe ojóóró lè jẹ́ kí ọmọ méjì bọ́ sínú ihò kan níbi tí ó yẹ kí ó ju ẹyọ kan sí, tàbí kí ó fi ọmọ kan pamọ́ sí àtẹ́lẹwọ́. Àwọn òǹwòran ló máa ń kọ́kọ́ rí i. Nígbà tiwa, bí ọwọ́ bá tẹ̀ ọ́, a kì í jà. Ẹni tí ẹ jọ ń ta á yóò dìde, ẹni tí ó kàn yóò kọ̀ láti jókòó, ìwọ nìkan ni yóò kù pẹ̀lú ọpọ́n. Mo mọ ọkùnrin kan tí ó wà bẹ́ẹ̀ fún ẹ̀ẹ̀rùn méjì.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ apá kejì. Bí ọ̀ta, ẹni tí ó mọ ayò ta, bá ń kọ́ ọ̀pẹ, ẹni tí kò tíì mọ̀ ọ́n ta, ọ̀ta lè jẹ́ kí ó dá ọmọ tí ó ti jù padà, lè jẹ́ kí ó ka inú ihò pẹ́, àní ó lè fún un ní ihò kan kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Kò sí ẹni tí ó pe ìyẹn ní ojóóró, torí pé gbogbo ẹni tí ó jókòó yí ọpọ́n ká ló mọ̀ ọ́n, tí wọ́n sì gbà á. Ará Jàpáànì tí ọmọ Ṣábẹ̀ sọ̀rọ̀ rẹ̀, òun ló ni ọpọ́n, òun ló sì fi àyè sílẹ̀. Ohun tí mo máa ń wò nìyẹn, ẹ̀yin ọmọ: ṣé ẹni tí ó jókòó níwájú rẹ mọ̀? Ọ̀dọ́mọkùnrin aránṣọ yẹn kò mọ̀. Obìnrin tí ó ṣe ọpọ́n ayò sórí fóònù kò mọ̀. Ìyá tí ń ta gàrí kò mọ̀ pé ẹlòmíràn ti wà nínú fóònù òun.

Ọmọ Ìdẹ̀nà (Kétu):

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín, Bàbá, mo dọ̀bálẹ̀. Mo ti ṣe gẹ́gẹ́ bí ẹ ti wí. Kí a tó pa inú fóònù náà rẹ́, a rí áàpù kan nínú rẹ̀ tí kò ní orúkọ, tí àmì rẹ̀ kò hàn lójú fóònù, tí ó sì ní ìyọ̀ǹda láti ka àtẹ̀jíṣẹ́. A ya àwòrán rẹ̀. Ìyá wa ti yí nọ́ńbà àṣírí wọn padà, mo sì bá wọn lọ fi ẹjọ́ sùn. Owó náà kò tíì padà.

Mo jẹ́ kí àbúrò mi ka gbogbo ohun tí ẹ kọ, láti òkè dé ìsàlẹ̀. Kò sọ̀rọ̀ nígbà tí ó ń ka ti Atúnfóònùṣe. Nígbà tí ó dé ibi ọ̀rọ̀ ọmọkùnrin láti Adjarra, ó béèrè pé ipò wo ni ọmọ náà wà nínú géèmù kí ó tó yọ ọ́ kúrò. Mo ní n kò mọ̀. Lálẹ́, ó sọ fún mi fúnra rẹ̀ pé òun náà fi mod yẹn ránṣẹ́ sí ènìyàn mẹ́wàá, nítorí wọ́n ní ẹni tí kò bá pín in kò ní rí kọ́kọ́rọ́ gbà. Ó ti ń pè wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan láti àná, ó sì ti rí méje bá sọ̀rọ̀.

Ó ti ṣí àkáǹtì tuntun lórí fóònù mi, ní ìsàlẹ̀ pátápátá. Ó ní kí n béèrè lọ́wọ́ Aṣètò Ìdíje bóyá wọ́n lè jẹ́ kí òun wá sí èyí tí ó ń bọ̀, bí ó bá jẹ́ pé wọn kò bínú sí òun.

Aṣètò Ìdíje (Àjàṣẹ́):

Kí ó wá. Fóònù tiwa ni gbogbo ènìyàn yóò lò lọ́tẹ̀ yìí, a ó sì gbé ojú rẹ̀ sára ògiri kí òǹwòran lè máa rí i. Màá tún pe ọmọ Adjarra lọ́la.